Ìyára ìṣàmúlò ìró, ìwé kíkà àti dyslexia

Ìyára ìṣàmúlò ìró ni bí ọpọlọ ènìyàn ṣe ń tètè rí ìró tí ó bá àmì, lẹ́tà tàbí àwòrán kan mu, tí ó sì ń gbé e wá sí ẹnu tàbí sí ọkàn. Nígbà tí òǹkàwé bá fojú kan ọ̀rọ̀, ọpọlọ rẹ̀ níláti wá ìró ọ̀rọ̀ náà jáde kí ìtumọ̀ tó tẹ̀lé e. Bí iṣẹ́ yìí bá yá, kíkà yóò já gaara. Bí ó bá falẹ̀, òǹkàwé lè mọ gbogbo lẹ́tà tí ó wà nínú ìwé, síbẹ̀ kí ó ti gbàgbé ìbẹ̀rẹ̀ gbólóhùn kí ó tó dé òpin rẹ̀. Ìfalẹ̀ yìí wà lára àwọn àmì tí àwọn onímọ̀ fi ń dá dyslexia mọ̀, ìyẹn ìṣòro ìwé kíkà àti ọ̀rọ̀ kíkọ tí a máa ń bí mọ́ ènìyàn, tí kì í ṣe òpè, tí kì í sì í ṣe ọ̀lẹ.

Dyslexia wà láàárín àwọn tí ń sọ onírúurú èdè, ṣùgbọ́n ojú tí ó ń gbà yọ kò rí bákan náà láti èdè kan dé èkejì. Ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, àṣìkà ni ó máa ń kọ́kọ́ hàn. Ní èdè tí àkọtọ́ rẹ̀ bá ìró mu, ìfalẹ̀ ni ó máa ń hàn jù, àṣìkà kì í sì í pọ̀. Ìyàtọ̀ yìí ṣe pàtàkì ní àdúgbò bíi Òṣòdì àti Ìsọlọ̀ ní Ìpínlẹ̀ Èkó, níbi tí ọmọ kan náà ti ń kọ́ láti ka Gẹ̀ẹ́sì àti Yorùbá pọ̀, tí wọ́n sì lè ti sọ ọ́ ní olódo kí ẹnikẹ́ni tó bèèrè ibi tí ìṣòro rẹ̀ wà gan-an.

Ọ̀nà mẹ́ta tí ọpọlọ ń gbà lo ìró

Ní 1987, Richard Wagner àti Joseph Torgesen, àwọn onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá ní Amẹ́ríkà, kó ìwádìí tí ó wà nílẹ̀ jọ, wọ́n sì pín ìṣàmúlò ìró sí ọ̀nà mẹ́ta. Èkíní ni ìmọ̀ ìró inú ọ̀rọ̀, ìyẹn ni kí ènìyàn mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ṣeé tú sí wẹ́wẹ́. Ọmọ tí ó ní ìmọ̀ yìí lè sọ pé bí a bá yọ ìró àkọ́kọ́ kúrò nínú "fìlà", "ìlà" ni yóò kù, àti pé bí a bá yọ ti "bàbá", "àbá" ni yóò kù. Èkejì ni ìrántí ránpẹ́ fún ìró, èyí tí a fi ń di nọ́ńbà fóònù tàbí orúkọ àjèjì mú kí a tó rí ibi kọ ọ́ sí. Ẹ̀kẹta ni ìyára tí a fi ń fa ìró ohun tí a ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ jáde láti inú ìrántí. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tan mọ́ra, ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe ọ̀kan náà. A lè rí ọmọ tí ó mọ ìró tú dáadáa tí ó sì lọ́ra láti dárúkọ ohun tí ojú rẹ̀ rí. A sì lè rí òmíràn tí ọ̀ràn tirẹ̀ jẹ́ òdìkejì èyí.

Ìmọ̀ ìró inú ọ̀rọ̀ kì í ṣe ohun tí ilé-ìwé ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé dé ilẹ̀ Yorùbá. Ẹnà, ọ̀rọ̀ àdììtú tí àwọn ọmọdé fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ kí àgbà má baà gbọ́, jẹ́ ẹ̀rí fún èyí. Ẹni tí ó ń fọ ẹnà níláti gé ọ̀rọ̀ sí sílébù, kí ó ki sílébù àjèjì bọ àárín wọn, kí ohùn ọ̀rọ̀ náà má sì sọnù, gbogbo rẹ̀ ní ìṣẹ́jú akàn. Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ àpilẹ̀kọ ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ kan lórí rẹ̀ ní 1982. Ó yẹ kí a kíyèsí i pé sílébù ni irú ẹnà bẹ́ẹ̀ ń gé, kì í gé kọ́ńsónáǹtì kúrò lára fáwẹ̀lì. Gígé ìró dé ìdí bẹ́ẹ̀ ṣòro fún ẹni tí kò tíì kọ́ lẹ́tà. José Morais àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi èyí hàn ní 1979, nígbà tí wọ́n dán àwọn àgbàlagbà tí kò mọ̀wé wò ní ilẹ̀ Potogí: wọn kò lè yọ ìró kan ṣoṣo kúrò lára ọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n àwọn tí ó kọ́ ìwé nígbà tí wọ́n ti dàgbà lè ṣe é. Nítorí náà, mímọ ìró ń ran ìwé kíkà lọ́wọ́, ìwé kíkà náà sì ń mú ìmọ̀ ìró pọ̀ sí i.

Ìtàn ìwádìí

Rudolf Berlin, dókítà ojú ní ìlú Stuttgart ní Jámánì, ni ó dá ọ̀rọ̀ náà dyslexia sílẹ̀. Ìwé rẹ̀ lórí rẹ̀ jáde ní 1887. Àwọn àgbàlagbà tí àìsàn ọpọlọ gba ìwé kíkà mọ́ lọ́wọ́ ni ó ń sọ̀rọ̀ rẹ̀, kì í ṣe ọmọdé. Ní 1896 ni W. Pringle Morgan, dókítà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ̀wé sínú British Medical Journal nípa ọmọkùnrin ọmọ ọdún 14 kan tí ń jẹ́ Percy. Ọmọ náà gbọ́n, ó mọ ìṣirò, ojú rẹ̀ ríran, olùkọ́ sì ti ń kọ́ ọ fún ọ̀pọ̀ ọdún, síbẹ̀ kò lè ka ju ọ̀rọ̀ kéékèèké lọ, ó sì máa ń kọ orúkọ ara rẹ̀ ní "Precy". Olùkọ́ kan jẹ́rìí sí i pé ọmọ náà ì bá mọ̀wé ju gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ bí ó bá jẹ́ pé ẹnu nìkan ni wọ́n fi ń kọ́ni. Ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí a ti tẹ ẹ̀rí yìí jáde, ọ̀pọ̀ olùkọ́ kò sì tíì gbọ́ nípa rẹ̀ títí di òní.

Morgan àti àwọn tí ó tẹ̀lé e rò pé apá tí ń tọ́jú àwòrán ọ̀rọ̀ nínú ọpọlọ ni kò pé. Èrò pé ojú ni ó ń dá ọ̀ràn náà sílẹ̀ pẹ́ kí ó tó kúrò nílẹ̀, àwọn ènìyàn kan ṣì dì í mú, wọ́n sì ń ra awò aláwọ̀ fún ọmọ tí ojú kò dùn. Láti àwọn ọdún 1970 ni ẹ̀rí ti ń kó jọ pé ìró ni ìdí ọ̀ràn náà. Lynette Bradley àti Peter Bryant ní Yunifásítì Oxford tẹ̀lé àwọn ọmọ láti ọmọ ọdún mẹ́rin àti márùn-ún. Ní 1983 wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde pé àwọn tí kò lè sọ ọ̀rọ̀ tí ìró rẹ̀ yàtọ̀ láàárín ọ̀rọ̀ mélòó kan ni ìwé kíkà máa ń ni lára nígbẹ̀yìn, àti pé kíkọ́ wọn ní ìró pọ̀ mọ́ lẹ́tà mú ìyàtọ̀ wá.

Ìwádìí lórí ìyára gba ọ̀nà mìíràn wá. Norman Geschwind, onímọ̀ ìṣègùn ọpọlọ ní Amẹ́ríkà, kíyèsí i pé àwọn aláìsàn kan tí ìwé kíkà bọ́ mọ́ lọ́wọ́ kò lè dárúkọ àwọ̀ tí wọ́n ń rí mọ́. Láti ibẹ̀ ni ó ti dá a lábàá ní 1965 pé bí ọmọ kékeré bá ṣe ń dárúkọ àwọ̀ lè sọ bí yóò ṣe kàwé. Martha Denckla àti Rita Rudel sọ àbá yìí di ìdánwò. Iṣẹ́ wọn tí ó jáde ní 1974 àti 1976 fi hàn pé àwọn ọmọ tí ó ní dyslexia máa ń lọ́ra láti dárúkọ àwọ̀, àwòrán, nọ́ńbà àti lẹ́tà, bí wọ́n tilẹ̀ mọ gbogbo wọn. Ní 1999, Maryanne Wolf àti Patricia Bowers sọ pé àléébù méjì ló wà: ti ìmọ̀ ìró àti ti ìyára ìdárúkọ. Wọ́n ní ẹni tí méjèèjì bá kì mọ́lẹ̀ ni ìwé kíkà máa ń ṣòro fún jù. Ìjábọ̀ tí Jim Rose kọ fún ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 2009 ka nǹkan mẹ́ta sí àmì dyslexia: àìkúnná ìmọ̀ ìró, àìkúnná ìrántí ọ̀rọ̀, àti ìfalẹ̀ nínú ìṣàmúlò ọ̀rọ̀. Ó tún sọ pé ọ̀ràn náà wà láàárín àwọn olóye gíga àti àwọn tí òye wọn kò pọ̀.

Ìdánwò ìdárúkọ

Ìdánwò Denckla àti Rudel rọrùn láti ṣàpèjúwe. Páálí kan ni, tí ohun àádọ́ta wà lórí rẹ̀ ní ìlà márùn-ún, mẹ́wàá mẹ́wàá. Ohun márùn-ún péré ni wọ́n, a kàn ń tún wọn gbé síbí sọ́hùn-ún: bóyá àwọ̀ márùn-ún, bóyá nọ́ńbà márùn-ún. A ó kọ́kọ́ rí i dájú pé ọmọ mọ orúkọ wọn. Lẹ́yìn náà, yóò dárúkọ gbogbo wọn láti òsì sí ọ̀tún bí ó bá ṣe lè yá tó, a ó sì fi aago wọn àkókò. Nínú irú ìdánwò yìí, kò sí ohun tí ọmọ kò mọ̀ lórí páálí náà. Àkókò nìkan ni à ń wá.

Ohun tí àkókò yìí ń wọ̀n kì í ṣe bí ẹnu ṣe yá tó. Nígbà tí àwọn olùwádìí ya àkókò tí a fi ń pe ọ̀rọ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára àlàfo tí ó wà láàárín ọ̀rọ̀ kan àti èkejì, àlàfo yìí ni wọ́n rí pé ó bá ìwé kíkà tan jù. Ẹni tí ó bá ti dúró ní Òṣòdì-Òkè rí mọ̀ pé agbèrò lè to orúkọ ibùdókọ̀ mẹ́wàá tẹ̀lé ara wọn láìmí. Ìyẹn kò sọ fún wa bóyá yóò yára kà wọ́n lára pátákó. Ẹnu rẹ̀ ti há wọn sórí, ojú rẹ̀ kò sì ní iṣẹ́ kankan níbẹ̀. Ìsopọ̀ ojú mọ́ ìró ni ìdánwò náà ń wá, pẹ̀lú kíkúrò lórí ohun kan kí a tó bọ́ sórí èkejì. Ìdí nìyí tí ó fi jọ ìwé kíkà.

Láti gbé ìdánwò yìí wá sí èdè Yorùbá gba ìrònú. Bí a bá ní kí ọmọ dárúkọ àwọ̀, "pupa" àti "dúdú" wà lẹ́nu rẹ̀, ṣùgbọ́n "àwọ̀ ewé" àti "àwọ̀ ojú ọ̀run" jẹ́ àpólà ọ̀rọ̀, wọ́n sì gùn. Ọ̀pọ̀ ọmọ Èkó yóò sọ "búlúù" tàbí "gíríìnì" láìronú. Bí ó bá jẹ́ nọ́ńbà, sílébù méjì méjì ni "èjì", "ẹ̀ta" àti "ẹ̀fà" ní, bẹ́ẹ̀ ni sílébù kan péré ni orúkọ wọn ní èdè Gẹ̀ẹ́sì. Aago yóò fi ìyàtọ̀ yìí hàn láìsí àbùkù kankan lára ọmọ náà. Nítorí náà, èsì ọmọ tí ó fi Yorùbá dárúkọ kò ṣeé gbé sórí òṣùwọ̀n tí wọ́n ṣe fún àwọn ọmọ elédè Gẹ̀ẹ́sì ní Amẹ́ríkà.

Àkọtọ́ Yorùbá àti ìyára kíkà

Àkọtọ́ Yorùbá bẹ̀rẹ̀ láti ọwọ́ àwọn oníṣẹ́ ìránṣẹ́ CMS. Ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá tí Samuel Ajayi Crowther kọ jáde ní 1843, ìpàdé kan jókòó lórí àkọtọ́ ní Èkó ní 1875, a sì fọwọ́ sí àkọtọ́ òde òní ní 1974. Lẹ́tà 25 ni ó ní. Bí a bá fi ohùn sílẹ̀, lẹ́tà kọ̀ọ̀kan fẹ́rẹ̀ẹ́ ní ìró kan ṣoṣo tí ó dúró fún, sílébù rẹ̀ kò sì díjú: fáwẹ̀lì kan, kọ́ńsónáǹtì kan pẹ̀lú fáwẹ̀lì, tàbí kọ́ńsónáǹtì aránmúpè tí ó dá dúró gẹ́gẹ́ bí sílébù. Kò sí irú ìdìpọ̀ kọ́ńsónáǹtì tí ó wà nínú "street" tàbí "strength". Ọmọ tí ó bá mọ "ba, be, bẹ, bi" ti ní kọ́kọ́rọ́ sí ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀.

Ìwádìí láti ilẹ̀ mìíràn jẹ́ kí a mọ ohun tí èyí túmọ̀ sí. Philip Seymour àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi èdè 13 ní Yúróòpù wéra ní 2003. Ní èdè bíi Fínlándì, Ítálì àti Jámánì, àwọn ọmọ fẹ́rẹ̀ẹ́ má ṣe àṣìkà ọ̀rọ̀ kéékèèké mọ́ ní òpin ọdún àkọ́kọ́ ní ilé-ìwé. Àwọn ọmọ elédè Gẹ̀ẹ́sì ní Sìkọ́tíláǹdì ka nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta péré ní àkàgbà lákòókò kan náà. Heinz Wimmer ti fi hàn ní 1993 pé àwọn ọmọ elédè Jámánì tí ó ní dyslexia kì í fi bẹ́ẹ̀ ṣàṣìkà, ṣùgbọ́n wọ́n máa ń falẹ̀ gan-an, ìyára ìdárúkọ wọn sì kéré. Ní 2001, Eraldo Paulesu àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wo ọpọlọ àwọn tí ó ní dyslexia láàárín elédè Gẹ̀ẹ́sì, Faransé àti Ítálì. Àwọn ará Ítálì kàwé ní àkàgbà ju àwọn yòókù lọ, ṣùgbọ́n ibi kan náà ní apá òsì ọpọlọ ni iṣẹ́ ti dínkù nínú gbogbo wọn.

Bí a bá gbé èyí lé Yorùbá, ó bọ́gbọ́n mu kí a retí ọmọ tí yóò ka gbogbo ọ̀rọ̀ inú ìwé Yorùbá rẹ̀ bí ó ti yẹ, sílébù kan lẹ́yìn èkejì, bí ẹni tí ń gun òkè, tí olùkọ́ yóò sì sọ pé ó mọ̀ ọ́n kà. Kò ní yé ọmọ náà. Bí wọ́n bá bi í léèrè ohun tí ó kà, kò ní rí ìdáhùn, wọn yóò sì rò pé kò fọkàn sí i.

Ọ̀rọ̀ ohùn ni ó mú àkọtọ́ Yorùbá yàtọ̀ sí ti Ítálì tàbí Fínlándì. Bí a bá kọ àmì ohùn sí i, àkọtọ́ náà mọ́ kedere. Ṣùgbọ́n ìwé ìròyìn, pátákó ìpolówó àti ọ̀rọ̀ orí fóònù kì í sábà kọ ọ́. Ẹni tí ó bá rí "igba" láìsí àmì níláti yàn láàárín igba (ọgọ́rùn-ún lọ́nà méjì), igbá (ohun èlò tí a fi ń bu omi), ìgbà (àkókò) àti igbà (okùn tí a fi ń gun ọ̀pẹ). "Oko", "ọkọ" àti "ọwọ" náà rí bẹ́ẹ̀. Òǹkàwé tí ó já gaara á kàn fa gbogbo wọn jáde, yóò sì mú èyí tí ó bá gbólóhùn mu kí òun fúnra rẹ̀ tó mọ̀. Ẹni tí fífa ìró jáde ń ni lára yóò san owó-orí yìí lórí gbogbo ìlà. Láàárín àwọn ọmọ tí ń sọ èdè Ṣáínà, tí òun náà jẹ́ èdè olóhùn, a ti rí i pé àìlèdá ohùn mọ̀ dáadáa máa ń bá ìṣòro ìwé kíkà rìn. Èyí fi hàn pé ìdánwò tí yóò bá ọmọ Yorùbá mu kò gbọdọ̀ dúró lórí kọ́ńsónáǹtì àti fáwẹ̀lì nìkan. Ọmọ tí ó lè gbọ́ ohun tí dùndún ń sọ ti ń ya ohùn sọ́tọ̀ kúrò lára ìró yòókù láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni kọ́ ọ.

Ọmọ elédè púpọ̀ ní Òṣòdì àti Ìsọlọ̀

Òṣòdì àti Ìsọlọ̀ jọ wà ní ìjọba ìbílẹ̀ kan náà, èyí tí a gé àwọn agbègbè ìdàgbàsókè Ìsọlọ̀ àti Èjìgbò jáde lára rẹ̀ ní 2003. Orúkọ àwọn ìlú méjèèjì fúnra wọn jẹ́ ẹ̀kọ́ nínú ìwé kíkà. Lára ọkọ̀ àti pátákó, "Oshodi" àti "Isolo" ni a ń rí. Nínú ìwé Yorùbá, Òṣòdì àti Ìsọlọ̀ ni. Ọmọ tí ó ń kọ́ lẹ́tà níbẹ̀ níláti mọ̀ pé "sh" kan àti "ṣ" kan jọ jẹ́ ìró kan náà, pé "o" tí ó wà lára ọkọ̀ lè dúró fún "ọ", àti pé "p" inú "pátákó" kì í ṣe "p" inú "park". Òṣòdì jẹ́ oríta ọkọ̀, tí a ṣí ibùdókọ̀ ńlá rẹ̀ ní 2019, àwọn ènìyàn láti gbogbo Nàìjíríà sì kún àdúgbò náà. Ọmọ kan lè máa sọ Ígbò nílé, Yorùbá ní òpópónà, pijin ní ibi eré, kí ó sì wá máa gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ní kíláàsì.

Òfin ìlú náà ti yí padà lórí èdè tí ó yẹ kí a fi kọ́ni. Iṣẹ́ ìwádìí tí Babs Fáfúnwá darí ní Ilé-Ìfẹ̀ láti 1970, tí ó fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ fún gbogbo ọdún mẹ́fà alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, rí i pé wọn kò pàdánù Gẹ̀ẹ́sì nítorí rẹ̀, wọ́n tilẹ̀ ṣe dáadáa sí i. Ìpínlẹ̀ Èkó ṣe òfin ní 2018 pé kí gbogbo ilé-ìwé, ti ìjọba àti ti aládàáni, máa kọ́ Yorùbá. Ní 2022 ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí ìlànà èdè abínibí fún ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ní oṣù kọkànlá 2025 mínísítà ètò ẹ̀kọ́ sì kéde pé wọ́n ti fagi lé e. Láti 2020 ni ètò EKOEXCEL ti ń fi tábúlẹ́ẹ̀tì gbé ẹ̀kọ́ tí a ti kọ sílẹ̀ lé àwọn olùkọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ìjọba lọ́wọ́ ní Èkó. Ẹ̀kọ́ tí a to lẹ́sẹẹsẹ bẹ́ẹ̀ wúlò fún ọ̀pọ̀ ọmọ. Ọmọ tí ó bá lọ́ra, tí ẹ̀kọ́ òní ti bẹ̀rẹ̀ kí ó tó ka tàná tán, ni ojú gbọ́dọ̀ wà lára rẹ̀.

Ní irú ibi báyìí, ohun tí ó ṣòro jù ni láti mọ ọmọ tí ó ní dyslexia yàtọ̀ sí ọmọ tí a kò kọ́. Kíláàsì tí ó kún, olùkọ́ tí ó pààrọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta lọ́dún, owó ilé-ìwé tí kò wọlé, etí tí ó ń ṣọyún láti kékeré, ojú tí ó nílò awò, èdè tí ọmọ kò tíì gbọ́: ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn lè mú kí ọmọ falẹ̀ lórí ìwé. Ọmọ tí ó lọ́ra láti dárúkọ lẹ́tà Gẹ̀ẹ́sì lè jẹ́ ẹni tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ pàdé wọn lánàá. Ìdí nìyí tí ìyára ìdárúkọ kò fi wúlò bí kò bá jẹ́ lórí ohun tí ọmọ mọ̀ dájú. Ohun tí ó tọ́ ni kí a dán an wò ní èdè tí ó yá mọ́ ọn lẹ́nu jù, kí a tún dán an wò ní èkejì, kí a sì fi wé àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ tí wọ́n jọ ń gbé àdúgbò kan náà. Bí ó bá lọ́ra ní èdè méjèèjì, tí etí àti ojú rẹ̀ sì pé, tí àwọn tí wọ́n jọ bẹ̀rẹ̀ ti fi í sílẹ̀, ìfura náà lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Bí ó bá lọ́ra ní Gẹ̀ẹ́sì nìkan, ẹ̀kọ́ ni ó nílò, orúkọ àìsàn kọ́.

Àwọn onímọ̀ sábà máa ń sọ pé ìdá 5 sí 10 nínú ọgọ́rùn-ún ènìyàn ni ó ní dyslexia. Iye náà dá lórí ibi tí a bá fa ìlà sí, nítorí kò sí ògiri láàárín ẹni tí ó ní i àti ẹni tí kò ní i, gẹ́gẹ́ bí kò ti sí láàárín ẹni gíga àti ẹni kúkúrú.

Àríyànjiyàn

Ìbéèrè tí àwọn onímọ̀ kò tíì fẹnu kò lé lórí ni ohun tí ń fa ìfalẹ̀ náà. Ní 1980, Paula Tallal dá a lábàá pé etí ni kò tètè dá ìró tí ń yára kọjá mọ̀, àti pé láti ibẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ ti bàjẹ́. Láti inú àbá yìí ni òun àti Michael Merzenich ti ṣe ètò kọ̀ǹpútà kan tí ń fa ìró gùn fún àwọn ọmọ, tí wọ́n sì kọ̀wé nípa rẹ̀ ní 1996. Wọ́n tà á káàkiri. Nígbà tí a kó àwọn àyẹ̀wò tí ó péye lórí ètò náà jọ ní 2011, a kò rí ẹ̀rí pé ó mú ìwé kíkà dára sí i. Usha Goswami ní Cambridge gba ọ̀nà mìíràn. Ó ní ìlù inú ọ̀rọ̀, bí sílébù ṣe ń dìde tí ó sì ń wálẹ̀, ni etí àwọn ọmọ náà kì í dì mú dáadáa. Àbá yìí yẹ kí ó dùn mọ́ àwọn tí ń sọ èdè olóhùn láti gbé yẹ̀wò.

Àwọn mìíràn bi í bóyá ìyára ìdárúkọ jẹ́ apá kan ìṣàmúlò ìró ní tòótọ́, tàbí ohun ọ̀tọ̀ tí ó kó ojú, àkíyèsí, ìrántí àti ẹnu pọ̀. Wolf àti Bowers ní ohun ọ̀tọ̀ ni. Wagner àti Torgesen kà á mọ́ ìró. Ohun tí kò sí iyàn nínú rẹ̀ ni pé ìdánwò náà, bí a bá ṣe é kí ọmọ tó bẹ̀rẹ̀ ilé-ìwé, máa ń sọ díẹ̀ nínú bí yóò ṣe kàwé lẹ́yìn ọdún mélòó kan.

Ohun tí ó ń ṣèrànwọ́

Ó rọrùn láti rò pé bí ìdárúkọ bá lọ́ra, kí a máa fi ìdárúkọ dá ọmọ lẹ́kọ̀ọ́. Èyí kì í sábà so èso. Ọmọ yóò yára lórí páálí náà, kò sì ní yára lórí ìwé. Ohun tí ẹ̀rí tì lẹ́yìn jù ni kíkọ́ ìró àti lẹ́tà pọ̀ ní gbangba, díẹ̀díẹ̀, lẹ́sẹẹsẹ, pẹ̀lú àtúnṣe ojú ẹsẹ̀. Fún ọmọ tí ó ti ń kà ní àkàgbà tí ó sì lọ́ra, kíkà àyọkà kúkúrú kan náà sókè lẹ́ẹ̀mẹta tàbí mẹ́rin pẹ̀lú àgbàlagbà tí ń gbọ́ ọ máa ń mú kí ó yá. Ní Yorùbá, ìwé tí a kọ àmì ohùn sí dáadáa mú ẹrù kan kúrò lórí rẹ̀.  Dída ìwé kọ láti ojú pátákó kì í kọ́ irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ní ohunkóhun, bẹ́ẹ̀ ni pàṣán.

Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọmọ tí a bá fi ìdánwò jẹ́rìí sí i pé ó lọ́ra lè gba ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún àkókò kún àkókò ìdánwò rẹ̀, àwọn ọmọ ìdílé Yorùbá ní Peckham àti ibòmíràn sì wà lára àwọn tí ó lè jàǹfààní rẹ̀. Ní Èkó, òfin àwọn ẹni tí ó ní ìpèníjà ara ti wà láti 2011, èyí tí ó fi ìdí ọ́fíìsì LASODA múlẹ̀, òfin àpapọ̀ lórí ọ̀ràn kan náà sì gba ìbuwọ́lù ní 2019. Ilé ìwòsàn ọpọlọ ìjọba àpapọ̀ tí ó wà ní Yaba ní ẹ̀ka fún àwọn ọmọdé àti ọ̀dọ́ ní Òṣòdì. Òbí tí ó bá fẹ́ kí wọ́n yẹ ọmọ òun wò yóò dín ìṣòro kù bí ó bá mú ohun tí olùkọ́ kọ sílẹ̀ dání: iye ọ̀rọ̀ tí ọmọ kà ní ìṣẹ́jú kan ní Yorùbá àti ní Gẹ̀ẹ́sì, iye tí ó ṣì nínú wọn, ọjọ́ tí a ṣe é, iye tí ọmọ mẹ́ta tàbí mẹ́rin mìíràn ní kíláàsì náà kà lọ́jọ́ kan náà, àti èsì àyẹ̀wò ojú àti etí rẹ̀.